Nẹ́ẹ̀tì Fèrèsé ní Kòsọ́fẹ́: Láti Ayé Ìṣó dé Ayé Sípíríǹgì

Nẹ́ẹ̀tì fèrèsé ni àwọ̀n olójú wẹ́wẹ́ tí wọ́n ń nà mọ́ férémù, kí atẹ́gùn lè ráàyè wọ yàrá, kí ẹ̀fọn àti eṣinṣin sì jókòó síta. Èyí tó wọ́pọ̀ jù lágbàáyé ní ojú 18 ní ìbú àti ojú 16 ní òòró nínú íǹṣì kan, tó fi jẹ́ pé ihò kọ̀ọ̀kan kò ju mìlímítà kan àti díẹ̀ lọ. Ẹ̀fọn kò lè gba ibẹ̀ kọjá. Etí nẹ́ẹ̀tì ló ń gbà wọlé, níbi tí àwọ̀n ti pàdé igi tàbí irin. Nítorí náà, gbogbo ọgbọ́n tí àwọn oníṣẹ́ ti dá sí nẹ́ẹ̀tì ní Kétu, Ìkòsí àti Máìlì 12, ní ìjọba ìbílẹ̀ Kòsọ́fẹ́ ní Èkó, láti bí àádọ́ta ọdún wá, ọgbọ́n bí etí yóò ṣe dì mú ni. Ìṣó ni wọ́n kọ́kọ́ lò, rọ́bà tẹ̀lé e, sípíríǹgì àti búrọ́ọ̀ṣì sì wá gba ipò lẹ́yìn wọn. Bí wọ́n ṣe ń pààrọ̀ ohun tó di etí mú, bẹ́ẹ̀ ni ẹni tó lè tún nẹ́ẹ̀tì ṣe ń yí padà.

Ilẹ̀ Kòsọ́fẹ́ kì í ṣe ilẹ̀ tí ènìyàn lè gbé láìní nẹ́ẹ̀tì. Odò Ògùn ń gba ẹ̀yìn Máìlì 12 àti Agbóyì kọjá lọ sínú ọ̀sà, irà sì pọ̀ ní apá Ògùdù, Alápẹ̀rẹ̀ àti Ọ̀wọ́rọ̀ńṣòkí. Irú ẹ̀fọn méjì ló ń da àwọn ará ibẹ̀ láàmú jù. Anopheles, tó ń gbé ibà kiri, máa ń yé ẹyin sínú omi tó mọ́ díẹ̀ tí oòrùn ń pa: kòtò ojú ọ̀nà, ipa táyà nínú ẹrẹ̀, omi òjò tó dúró sínú ike tí wọ́n jù nù. Culex fẹ́ràn omi ìdọ̀tí, gọ́tà ẹ̀yìn ọjà sì ń tó o yé sí. Òru ni àwọn méjèèjì ń ṣọdẹ. Ní ọ̀sán, eṣinṣin ló ni àdúgbò, nítorí tòmátò àti ata tó ti rà ní Máìlì 12, àti èèpo ọsàn pẹ̀lú èèpo ọ̀pẹ̀ òyìnbó ní ọjà èso Ìkòsí. Ìdí nìyí tí ẹni tó ń gbé ẹ̀yìn ọjà fi ń ti ilẹ̀kùn nẹ́ẹ̀tì lọ́sàn-án gangan, nígbà tí ẹni tó ń gbé Ògùdù lè ṣí tirẹ̀ sílẹ̀ títí di ìrọ̀lẹ́.

Nẹ́ẹ̀tì onírin ti wà kí aráyé tó mọ̀ pé ẹ̀fọn ló ń gbé ibà. Ilé-iṣẹ́ Gilbert and Bennett ní ìpínlẹ̀ Connecticut, ní Amẹ́ríkà, ń hun wáyà fún asẹ́. Nígbà tí ogun abẹ́lé Amẹ́ríkà bẹ́ sílẹ̀ ní 1861, ọjà wọn ní ìhà gúúsù kú. Wọ́n bá fi ọ̀dà kun wáyà asẹ́ tó kù nílẹ̀, wọ́n tà á fún ojú fèrèsé. Ọdún 1897 ni Ronald Ross tó rí kòkòrò ibà nínú ikùn ẹ̀fọn ní Íńdíà. Ní 1900, dókítà méjì, Luigi Sambon àti George Low, lọ gbé inú ilé onígi kan tí wọ́n fi nẹ́ẹ̀tì dí lójú fèrèsé àti ilẹ̀kùn nítòsí Ostia ní Ítálì, ní àsìkò tí ibà ń jà jù níbẹ̀. Wọ́n ń wọlé kí oòrùn tó wọ̀, wọn kì í sì í jáde títí ilẹ̀ fi mọ́. Ibà kò mú wọn. Ní Èkó ìgbà náà, Gómìnà William MacGregor, tí òun fúnra rẹ̀ jẹ́ dókítà, ń gbẹ́ irà, ó sì ń pín kuníìnì. Fún ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn ìgbà náà, ilé àwọn òyìnbó ìjọba ni nẹ́ẹ̀tì onírin wọ́pọ̀ sí. Wolé-wolé ni ará ìlú mọ̀, ẹni tó ń yọjú sínú ìkòkò omi bóyá tanwíjí wà níbẹ̀, tó sì lè tìtorí rẹ̀ gbé onílé lọ sí kóòtù.

Ayé ìṣó bọ́ sí àsìkò tí Kétu àti Ìkòsí ń kún. Nígbà tí wọ́n sọ ọ̀nà Ìkòròdú di ọ̀nà ńlá ní àwọn ọdún 1970, ilé oníyàrá mẹ́jọ, mẹ́wàá, tí yàrá kojú yàrá, hù jáde ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ méjèèjì. Bàbá onílé a ṣe fèrèsé, nẹ́ẹ̀tì a di ti ayálégbé. Ẹni tó ń kó wọlé a ra nẹ́ẹ̀tì ní yáàdì, a pe káfíńtà. Ẹlòmíràn a sì tú tirẹ̀ kó lọ lọ́jọ́ tó bá ń kó jáde. Nítorí bẹ́ẹ̀, nínú ilé kan náà, nẹ́ẹ̀tì fèrèsé kan lè jẹ́ àwọ̀ ewé, ti èkejì á jẹ́ búlúù, ti ẹ̀kẹta á jẹ́ wáyà tó ti dípẹtà. NEPA, ilé-iṣẹ́ iná mànàmáná ìjọba tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1972, kò jẹ́ kí fáànù rọ́pò fèrèsé. Bí iná bá lọ lóru, fèrèsé ni wọ́n ń ṣí, nẹ́ẹ̀tì ni kì í sì í jẹ́ kí fèrèsé ṣíṣí di ìyà.

Arère ni àwọn káfíńtà fẹ́ràn fún férémù nẹ́ẹ̀tì, nítorí ó fúyẹ́, ìṣó kì í sì í là á. Okobaba ní Ẹ̀bútè Mẹ́ta ni ọ̀pọ̀ wọn ti máa ń ra igi nígbà náà, níbi tí wọ́n ti ń la gẹdú tó gba orí ọ̀sà wá. Àléébù arère ni pé ikán tètè ń jẹ ẹ́, omi òjò sì tètè ń mú un rà, nítorí náà ẹni tí apá rẹ̀ ká a a béèrè fún ìrókò tàbí ọ̀gánwó. Irú nẹ́ẹ̀tì méjì ló wà lọ́jà. Nẹ́ẹ̀tì wáyà lágbára, eku kò lè gé e, ṣùgbọ́n atẹ́gùn ọ̀sà ń mú un dípẹtà. Nẹ́ẹ̀tì onírọ́bà, tí èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀ jẹ́ àwọ̀ ewé, kì í dípẹtà, owó rẹ̀ sì wálẹ̀. Oòrùn ló ń pa á. Bí ọdún bá ti gorí ọdún, yóò gbẹ, yóò sì máa já lọ́wọ́ bí wọ́n bá tẹ̀ ẹ́.

Bí káfíńtà ṣe ń nà án nìyí. A gé nẹ́ẹ̀tì kó fi ìka méjì ju férémù lọ ní gbogbo ẹ̀gbẹ́. A kan ìṣó kékeré kan sí àárín òkè, òmíràn sí àárín ìsàlẹ̀, kó tó kan ọ̀tún àti òsì. Láti àárín ló ń lọ sí igun. Bí ó bá bẹ̀rẹ̀ láti igun, nẹ́ẹ̀tì á wọ́, ikùn á yọ sí i láàárín. Lẹ́yìn náà ni bídìn, igi tẹ́ẹ́rẹ́ tí kò fẹ̀ ju ìka kan lọ, yóò wá bo orí ìṣó yíká. Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé ọ̀ṣọ́ ni bídìn wà fún, òun gan-an sì ni iṣẹ́ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìṣó di nẹ́ẹ̀tì mú ní ojú kọ̀ọ̀kan péré; bídìn tẹ gbogbo etí rẹ̀ mọ́lẹ̀ láìsí àlàfo. Ẹni tó bá torí owó yọ bídìn sílẹ̀, kò ní pẹ́ tí nẹ́ẹ̀tì rẹ̀ yóò fi ya ní ìdí ìṣó kọ̀ọ̀kan, nítorí atẹ́gùn ń fà á lójoojúmọ́, ojú kan náà ló sì ń fà.

Àtúnṣe ìgbà yẹn kò ju agbára ará ilé lọ, ohun tó sì dára jù nípa ayé ìṣó nìyẹn. Ihò inú nẹ́ẹ̀tì onírọ́bà, abẹ́rẹ́ àti òwú ló ń fẹ́. Wọ́n á gé àjákù nẹ́ẹ̀tì tó tóbi ju ihò lọ, wọ́n á fi lé e, wọ́n á sì rán an yíká. Ti nẹ́ẹ̀tì wáyà gba sùúrù díẹ̀ sí i: wọ́n á gé àjákù wáyà ní igun mẹ́rin, wọ́n á fa okùn wáyà méjì mẹ́ta yọ ní etí rẹ̀ kọ̀ọ̀kan kí orí wáyà tó kù lè ta síta, wọ́n á ti orí wọ̀nyí gba ojú nẹ́ẹ̀tì kọjá, wọ́n á sì ṣẹ́ wọn padà ní òdìkejì. Kò gba òwú, kò gba gọ́ọ̀mù. Fún lúfà, àwọn gíláàsì pẹlẹbẹ tí wọ́n tò léra, nẹ́ẹ̀tì sábà máa ń wà lẹ́yìn gíláàsì níhà ìta. Ẹni tó ń gbé òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kò nílò àkàbà: yóò yọ gíláàsì lọ́kọ̀ọ̀kan, yóò tò wọ́n sórí ibùsùn bí wọ́n ṣe tẹ̀lé ara wọn, yóò sì tún nẹ́ẹ̀tì ṣe láti inú yàrá.

Fífọ nẹ́ẹ̀tì ní ọjọ́ tirẹ̀ nígbà kan. Ní àwọn ọdún 1980, lábẹ́ ìjọba ológun Buhari àti Ìdíàgbọn, ìmọ́tótó àyíká di òfin, Sátidé tó kẹ́yìn oṣù sì ni Èkó máa ń ṣe tirẹ̀ nígbà náà, láti aago 7 sí aago 10 àárọ̀. Títì a dá, ọ̀pọ̀ ilé a sì lo àkókò náà láti fọ nẹ́ẹ̀tì: omi ọṣẹ, kànìnkànìn, láti inú síta. Nígbà ọyẹ́, èyí kì í ṣe ọ̀ràn afẹ́ lásán. Eruku a dí ojú nẹ́ẹ̀tì títí yàrá yóò fi máa gbóná bí ìgbà tí wọ́n ti fèrèsé pa. Ìjọba Èkó fòpin sí dídá ìrìn dúró lọ́jọ́ náà ní ìparí 2016, nẹ́ẹ̀tì púpọ̀ kò sì ní ọjọ́ fífọ̀ kan pàtó mọ́ láti ìgbà náà.

Ilẹ̀kùn nẹ́ẹ̀tì le ju fèrèsé lọ, nítorí ó ń rìn. Férémù rẹ̀ ní igi ọ̀dábùú láàárín, apá ìsàlẹ̀ ló sì kọ́kọ́ ń ya, torí ẹsẹ̀ ni àwọn ọmọdé fi ń tì í. Káfíńtà tó mọṣẹ́ a fi páálí onígi dí ìsàlẹ̀ náà pátápátá, nẹ́ẹ̀tì á kù sí òkè nìkan. Sípíríǹgì gígùn kan, tí wọ́n kọ́ láti ara ilẹ̀kùn sí ara òpó rẹ̀, ló ń fà á padé. Níbi tí sípíríǹgì ti já, rọ́bà tí wọ́n gé lára tíúùbù táyà a ṣe é. Àrùn tó ń ṣe ilẹ̀kùn yìí jù ni pé igun tó jìnnà sí híǹjì máa ń rọ̀ wálẹ̀. Bí ó bá ti rọ̀, àlàfo á yọ lókè, ìsàlẹ̀ á sì máa họ simẹ́ńtì. Àwọn kan á fi ayùn gé ìsàlẹ̀ rẹ̀ kó lè padé, wọ́n sì ṣe bẹ́ẹ̀ sọ àlàfo kan di méjì. Ohun tó yẹ ni kí wọ́n fi wáyà fa igun tó rọ̀ náà, láti ìsàlẹ̀ ibẹ̀ lọ sí òkè níhà híǹjì, kí wọ́n sì lọ́ wáyà náà le títí ilẹ̀kùn yóò fi gbéra.

Ayé rọ́bà dé pẹ̀lú fèrèsé alumíníọ̀mù tó ń yọ́ lójú irin, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní sílàídì, ó sì gbilẹ̀ ní Kòsọ́fẹ́ láti àwọn ọdún 1990. Nẹ́ẹ̀tì ní férémù àti ojú irin tirẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ gíláàsì. Kò sí ìṣó, kò sí bídìn. Kòtò tẹ́ẹ́rẹ́ kan yí férémù ká. Wọ́n á tẹ́ nẹ́ẹ̀tì lé e, wọ́n á sì fi táyà kékeré olọ́wọ́ kan tẹ okùn rọ́bà wọ inú kòtò náà lórí rẹ̀. Ẹni tó bá fa nẹ́ẹ̀tì le jù, férémù á tẹ̀ sínú láàárín, àlàfo á sì yọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, bẹ́ẹ̀ nẹ́ẹ̀tì fúnra rẹ̀ kò ní ihò kankan. Rọ́bà ní ìwọ̀n: èyí tó tín-ín-rín jù á fò jáde, èyí tó ki jù á gé nẹ́ẹ̀tì. Bí rọ́bà bá ti gbẹ tó sì le, a kì í tún un lò. Ohun tó yẹ kí ènìyàn ṣọ́ ju gbogbo rẹ̀ lọ ni ojú irin ìsàlẹ̀. Ní oṣù kẹwàá 2010, nígbà tí wọ́n tú omi ìsédò Ọ̀yán sílẹ̀ tí Odò Ògùn kún wọ Ajégúnlẹ̀ àti àwọn àdúgbò mìíràn lẹ́gbẹ̀ẹ́ Máìlì 12, omi bá onígi jà, ó bá alumíníọ̀mù náà jà: férémù onígi wú ó sì wọ́, ẹrẹ̀ sì jókòó sínú ojú irin. Alumíníọ̀mù ṣeé fọ̀ kó tún máa rìn. Igi tó ti wọ́ kì í tọ́ mọ́.

Nẹ́ẹ̀tì tó ń ká ara rẹ̀ tẹ̀lé irú fèrèsé alumíníọ̀mù mìíràn, èyí tó ń ṣí síta. Fèrèsé yìí kò ní ojú irin tí nẹ́ẹ̀tì lè yọ́ lé, ọwọ́ sì gbọ́dọ̀ dé ìdè rẹ̀ láti inú yàrá. Nẹ́ẹ̀tì tó dúró gbọin yóò dínà mọ́ ọwọ́. Èyí tó ń ká á yẹ̀ fún un. Nínú àpótí alumíníọ̀mù tẹ́ẹ́rẹ́ tó wà lókè fèrèsé, tàbí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilẹ̀kùn, ni ọ̀pá oníhò kan wà tí nẹ́ẹ̀tì wé mọ́, sípíríǹgì sì wà nínú ọ̀pá. Bí ènìyàn bá ń fa nẹ́ẹ̀tì, ọ̀pá ń yí, sípíríǹgì ń lọ́ le. Bí ó bá tú ìkọ́ ìsàlẹ̀, sípíríǹgì á fà á padà. Ọgbọ́n náà ti pẹ́: ní 1864 ni Stewart Hartshorn gba ìwé-ẹ̀rí olùṣẹ̀dá ní Amẹ́ríkà fún ọ̀pá onísípíríǹgì tó ń ká aṣọ fèrèsé. Etí nẹ́ẹ̀tì méjèèjì ń rìn nínú ojú irin tí búrọ́ọ̀ṣì wẹ́wẹ́ tò sí nínú. Búrọ́ọ̀ṣì yìí ló rọ́pò bídìn.

Eruku ni ọ̀tá àkọ́kọ́ fún nẹ́ẹ̀tì kíká, ọkọ̀ akẹ́rù tó ń wọ Máìlì 12 tọ̀sán tòru sì ń pèsè rẹ̀ lọ́pọ̀. Bí eruku bá kún búrọ́ọ̀ṣì, nẹ́ẹ̀tì á máa rìn tìkọ̀-tìkọ̀, ẹni tó ń fà á á sì máa fi agbára kún un. Búrọ́ọ̀ṣì ọ̀dà tó gbẹ ni wọ́n fi ń gbá ojú irin láti òkè wá sísàlẹ̀, kí wọ́n tó fi aṣọ tútù nù ún. Epo ẹ́ńjìnnì kò gbọ́dọ̀ kàn án, bẹ́ẹ̀ náà ni òróró ìdáná: epo àti eruku ń di ẹrẹ̀, ẹrẹ̀ náà sì burú ju eruku gbígbẹ lọ. Sílíkóònù tí wọ́n ń fọ́n, tí kì í lẹ̀, ló bá a mu, díẹ̀ sì tó. Kí wọ́n tó ká nẹ́ẹ̀tì wọlé, kí wọ́n nù ún, nítorí eruku tó bá wọnú àpótí kì í rọrùn láti kó jáde, aáyán àti ọmọńlé sì fẹ́ràn ibẹ̀.

Ìjì tó ń ṣáájú òjò ló ń fa nẹ́ẹ̀tì yọ lójú irin. Nẹ́ẹ̀tì orí ìṣó lè dúró fún ìjì, èyí kò lè ṣe é. Kí wọ́n ká a wọlé bí ojú ọ̀run bá ti ṣú. Èyí tó ti yọ, wọn kò gbọ́dọ̀ fi ọ̀bẹ tàbí sukudiráfà tì í wọlé, nítorí búrọ́ọ̀ṣì á fà tu. Kí wọ́n ká gbogbo rẹ̀ sókè, kí wọ́n fi ìka mú etí méjèèjì bọ ẹnu ojú irin, kí wọ́n sì fà á wálẹ̀ jẹ́jẹ́.

Sípíríǹgì tó ti rẹ̀ ni ohun tó ń dẹ́rù ba àwọn onílé jù, bẹ́ẹ̀ kì í ṣe ohun tó le jù. Àmì rẹ̀ ni pé nẹ́ẹ̀tì ń dúró láàárín ọ̀nà bí ó bá ń padà lọ sókè. Wọ́n á tú àpótí kúrò lára ògiri, wọ́n á yọ ìdérí ẹ̀gbẹ́ kan, wọ́n á sì rí ṣóńṣó irin tó so sípíríǹgì mọ́ àpótí. Ẹnì kan á di ọ̀pá mú kó má yí. Ẹnì kejì á fi pílàyà mú ṣóńṣó náà, á lọ́ ọ ní yíyí díẹ̀ sí ìhà tó ń le, wọ́n á dá a padà, wọ́n á dán an wò. Bó bá kù díẹ̀, wọ́n á fi kún un. Lílọ́ rẹ̀ ní àlọ́jù burú, torí nẹ́ẹ̀tì á máa já lu òkè, ọ̀pá ìfàmú á sì fọ́. Pílàyà kò gbọ́dọ̀ bọ́ lọ́wọ́ láàárín iṣẹ́ yìí: sípíríǹgì tó ti le yóò yí padà wàrà, ó sì lè gé ìka. Bí ṣóńṣó bá ń yí láìfẹ̀sẹ̀ múlẹ̀, tí ohun kan sì ń dún nínú ọ̀pá, sípíríǹgì ti já nìyẹn, pípààrọ̀ ló kù.

Ibi tí ayé tuntun ti yàtọ̀ sí ti àtijọ́ jù ni ihò. Abẹ́rẹ́ àti òwú, tó gba ilé púpọ̀ lọ́wọ́ ẹ̀fọn nígbà kan, kò ṣiṣẹ́ níbí. Àjákù tí wọ́n rán mọ́ ọn á mú kí ibẹ̀ ki, ọ̀pá á máa wé e gọ́ngọ́, nẹ́ẹ̀tì á fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, á sì yọ lójú irin. Ihò tí kò ju orí abẹ́rẹ́ lọ ṣeé fi ẹ̀kán gọ́ọ̀mù kan dí. Èyí tó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ, gbogbo nẹ́ẹ̀tì ni wọ́n ń pààrọ̀: wọ́n á fà á wálẹ̀ tán, wọ́n á de ọ̀pá mọ́lẹ̀ kó má yí, wọ́n á fa okùn rọ́bà tó mú orí nẹ́ẹ̀tì jáde nínú kòtò ọ̀pá, wọ́n á sì fi tuntun sí i. Orí nẹ́ẹ̀tì tuntun gbọ́dọ̀ gún régé. Bí ó bá wọ́ ní ìwọ̀n ìdajì ìka lásán, yóò máa yà sí ẹ̀gbẹ́ kan síwájú sí i bó ṣe ń wé.

Irú nẹ́ẹ̀tì kan tún wà fún ilẹ̀kùn fífẹ̀, èyí tí wọ́n pa ní plíìtì bíi síkẹ́ẹ̀tì ọmọ ilé-ìwé. Kò ní sípíríǹgì. Okùn tẹ́ẹ́rẹ́ tó gba inú plíìtì kọjá ló ń mú un dúró níbi tí wọ́n bá fà á dé. Bí okùn kan bá já, ilẹ̀kùn á dà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Okùn tó já kì í ṣe ohun tí wọ́n ń ta kókó sí, nítorí kókó kò ní lè gba ihò kọjá. Odindi okùn ni wọ́n ń fà wọlé láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, kí gbogbo rẹ̀ lè le dọ́gba.

Nẹ́ẹ̀tì ibùsùn olóògùn, tí ìjọba ti ń pín káàkiri Nàìjíríà láti 2009, kò gba iṣẹ́ lọ́wọ́ nẹ́ẹ̀tì fèrèsé. Ẹni tó ti sùn ni ti ibùsùn ń ṣọ́. Ọmọ tó ń ṣe iṣẹ́ àṣetiléwá ní aago mẹ́jọ alẹ́ kò tíì dé abẹ́ rẹ̀. Nítorí náà ó dunni pé ọ̀pọ̀ nẹ́ẹ̀tì kíká ni wọ́n tú sílẹ̀ nítorí ìkọ́ kan tó ṣẹ́. Nẹ́ẹ̀tì àti okùn rọ́bà ṣeé rà ní yáàdì lọ́wọ́ àwọn oníṣẹ́ alumíníọ̀mù, ṣùgbọ́n ìkọ́, ìdérí ẹ̀gbẹ́ àti sípíríǹgì yàtọ̀ láti ilé-iṣẹ́ kan sí òmíràn, ọ̀kan kì í sì í bá èkejì mu. Ẹni tó bá ń ṣe tuntun, kí ó béèrè fún àwọn mẹ́ta wọ̀nyí ní àfikún lọ́jọ́ tí wọ́n bá wá kàn án, kí ó sì tọ́jú wọn.

Nẹ́ẹ̀tì kíká tí ẹ̀yà ara rẹ̀ kò sí mọ́ lọ́jà ṣì wúlò. Bó bá jẹ́ pé fèrèsé sílàídì ni wọ́n gbé e kọ́ sí, oníṣẹ́ á tú àpótí, á gé alumíníọ̀mù férémù sí ìwọ̀n ojú fèrèsé, á sì fi rọ́bà tẹ nẹ́ẹ̀tì mọ́ ọn, kó máa yọ́ lójú irin rẹ̀. Lójú fèrèsé tó ń ṣí síta, wọ́n á fi híǹjì kékeré méjì so férémù náà mọ́ inú yàrá, kó máa ṣí wọlé, kí ọwọ́ lè dé ìdè fèrèsé. Wọ́n á lẹ búrọ́ọ̀ṣì tó ní gọ́ọ̀mù lẹ́yìn mọ́ etí rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, níbi tó ti ń kan ògiri.